Ínǹṣì Méjì Lọ́tùn-ún, Ínǹṣì Méjì Lósì

Bàbá mi, ẹni tí mo ṣì ń kí lọ́kàn kí n tó kí ẹnikẹ́ni láàárọ̀,

Ohun tí mo rí láàárọ̀ yìí nìwọ̀nyí, bí mo ṣe rí wọn ni mo ṣe kọ wọ́n sílẹ̀. Mo rí ife tíì tí ọkọ mi Wàsíù mu kù sórí tábìlì, èèrà méjì wà létí rẹ̀. Mo rí sálúbàtà mi lẹ́nu ọ̀nà, ẹsẹ̀ ọ̀tún dojú dé. Mo rí omi tó dúró lẹ́nu gọ́tà wa ní Lafiaji, tó ní àwọ̀ bíi ti epo ọkọ̀. Nígbà tí mo dé ẹnu ọjà Sandgrouse, mo rí ìyá kan tó ń fi álọ́ọ̀mù fọ ìgbín nínú báàfù búlúù, ìgbín kan tí wọn ò tíì fọ̀ ń rìn lọ létí báàfù náà. Mo rí ẹja gbígbẹ tí wọ́n tò sórí àpò, àwọn ńlá lẹ́yìn, àwọn kékeré níwájú, bí ọmọ ilé-ìwé lórí ìlà. Mo rí aago ara ògiri nínú ṣọ́ọ̀bù aláta: ó di aago méje kọjá ìṣẹ́jú mọ́kànlá.

Mo dúró níwájú ẹja gbígbẹ náà. Mo fa òórùn rẹ̀ símú. Mo tún un fà. Nǹkan kan ò ṣe mí.

Ìyá ẹlẹ́ja wò mí títí ó sú u. "Àǹtí, ṣé ẹ máa rà á ni, àbí òórùn ẹ̀ lẹ fẹ́ fi jẹ ẹ̀bà?" Àwọn tó jókòó tì í bú sẹ́rìn-ín. Mo ní kí wọ́n má bínú, mo kọjá lọ.

Bàbá, mo lóyún. Ó pé ọ̀sẹ̀ mẹ́rìnlá lónìí. Ó yẹ kí n ti sọ fún yín kí n tó sọ̀rọ̀ ìgbín àti ẹja, ṣùgbọ́n ẹ mọ̀ mí, ohun tó bá tóbi ni mo máa ń kọ́kọ́ gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá. Fún nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ, mi ò lè gba iwájú Sandgrouse. Ọ̀nà ẹ̀yìn ni mò ń gbà, pẹ̀lú ìborùn lẹ́nu, tí mo bá sì gbàgbé, ẹ̀bá gọ́tà ni mo máa bá ara mi. Mò ń bì láàárọ̀, mò ń bì lọ́sàn-án, ọṣẹ ìfọṣọ Wàsíù pàápàá ń mú mi bì. Lọ́jọ́ mẹ́ta sẹ́yìn, ó dáwọ́ dúró lẹ́ẹ̀kan náà, bí ìgbà tí èèyàn pa rédíò.

Bó ṣe dáwọ́ dúró nígbà oyún àkọ́kọ́ náà nìyẹn. Ẹ ò mọ ìyẹn, mi ò sọ fún yín. Nígbà yẹn, inú mi dùn. Mo jẹ ẹ̀bà lẹ́ẹ̀mejì lọ́jọ́ kan, mo fọ gbogbo kọ́tìnnì ilé, mo ní ara mi ti yá. Ní ọjọ́ kejì rẹ̀, oyún náà wálẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́tàlá ló jẹ́. Ìdí nìyẹn tí mo fi dúró síwájú ẹja láàárọ̀ yìí tí mò ń wá èébì bí ẹni tó ń wá kọ́kọ́rọ́ ilé. Mo bẹ ara mi pé kó bì, kó bì lẹ́ẹ̀kan péré, kí n lè mọ̀ pé ẹnì kan ṣì wà nínú mi.

Mi ò sunkún. Mi ò tíì sunkún láti oṣù márùn-ún, láti ọjọ́ tí àwọn ọkùnrin gbé yín jáde tí èmi dúró lẹ́nu géètì agboolé tí mò ń ka iye bàtà tí wọ́n bọ́ kí wọ́n tó kírun sí yín lára. Bàtà mọ́kànlélógún ni. Ẹnì kan ti wọ ẹsẹ̀ kan lọ. Ẹ mọ bó ṣe máa ń rí tí èèyàn bá jókòó lé ẹsẹ̀ rẹ̀ pẹ́? Ẹsẹ̀ náà wà níbẹ̀, èèyàn ń rí i, ó ń fọwọ́ kàn án, àmọ́ ó dà bíi pé ẹsẹ̀ ẹlòmíràn ni. Bí gbogbo àyà mi ṣe rí nìyẹn. Kò dùn mí. Tó bá dùn mí, ìbá sàn.

Wàsíù mọ̀ nípa oyún yìí, àmọ́ kì í dárúkọ rẹ̀. "Nǹkan yẹn" ló ń pè é. Ṣé nǹkan yẹn jẹ́ kí o sùn? Ṣé nǹkan yẹn fẹ́ jẹ iṣu? Mo mọ̀ pé ẹ̀rù ló ń bà á. Ó ti jáde lọ sí ṣọ́ọ̀bù tí ó ti ń tún fóònù ṣe kí n tó jí, mi ò sì tíì sọ fún un pé èébì ti dúró. Kí ni mo fẹ́ sọ? Pé ara mi ti yá?

Ẹ rántí bí ẹ ṣe máa ń ṣe ní ṣọ́ọ̀bù? Obìnrin á wá rán aṣọ, ẹ̀yin á yọ téèpù kúrò lọ́rùn, ẹ á fi yí ìbàdí rẹ̀ ká. Ẹ á wo ìwé ìwọ̀n yín, ẹ á wo nọ́ńbà tó wà níbẹ̀ láti ìgbà tó wá kẹ́yìn. Ẹ á tún un wọ̀n. Ẹ á ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ mí." Ìgbà tí ẹ bá ti wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀mejì ni èmi tí mo jókòó sídìí àpótí bọ́tìnnì ti máa ń mọ̀. Ẹ kì í bi wọ́n, nítorí a kì í béèrè oyún lọ́wọ́ ẹni tí kò tíì sọ ọ́. Ínǹṣì kan lẹ máa ń fi sílẹ̀ lábẹ́ ojú ìrán fún gbogbo èèyàn. Fún àwọn wọ̀nyẹn, ínǹṣì méjì, lọ́tùn-ún àti lósì, ẹ á ká a pamọ́ sínú bí ẹni ká lẹ́tà. Lẹ́yìn oṣù méjì, obìnrin náà á padà wá pẹ̀lú ẹ̀rín.

"Bàbá Télọ̀, aṣọ yìí ti ń fún mi pa o!"

Ẹ á mú abẹ, ẹ á tú ojú ìrán ti inú, ẹ á fi ìlà tuntun gba etí rẹ̀. Kó tó mu míníráà rẹ̀ tán, aṣọ ti gbà á.

"Háà! Ta ló sọ fún yín nígbà yẹn?"

"Téèpù ni. Èmi ò sí níbẹ̀."

Ohun tí ẹ ṣe fún mi náà nìyẹn lọ́dún méjì sẹ́yìn, nígbà tí mo wá fún aṣọ Iléyá. Ẹ wọ̀n mí lẹ́ẹ̀mejì. Mo wo ojú yín nínú dígí, ẹ ò gbé e sókè. Ẹ kàn ní, "Máa jẹun dáadáa." Ọjọ́ márùn-ún péré ni mo ti mọ̀ nígbà náà, mi ò tíì sọ fún Wàsíù gan-an. Nígbà tí aṣọ dé ọwọ́ mi, mo ti ìka bọ inú rẹ̀, mo bá àyè náà níbẹ̀, lọ́tùn-ún àti lósì. Mo dá rẹ́rìn-ín nínú yàrá. Láti ọjọ́ tí Màámi ti kú tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́fà, bí ẹ ṣe máa ń bá mi sọ̀rọ̀ obìnrin nìyẹn, ẹ kì í la ẹnu, ọwọ́ lẹ fi ń sọ ọ́.

Ohun tó kàn yìí ló mú mi kọ̀wé sí yín.

Lẹ́yìn tí oyún náà wálẹ̀, mo yí aṣọ yẹn síta lọ́jọ́ kan láti fi áyọ́ọ̀nù lọ̀ ọ́. Mo rí àyè yẹn. Ó dà bíi pé ó la ẹnu sí mi. Mi ò lè gbé e wá fún yín, mo gbé e lọ sọ́dọ̀ télọ̀ kan lẹ́yìn ilé wa ní Lafiaji. Mo ní kó gé gbogbo ohun tó ṣẹ́ kù nínú rẹ̀ dànù. Ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó mi orí.

"Àǹtí, ẹ má jẹ́ á gé e. Ẹni tó rán èyí gbọ́n. Ọjọ́ ń bọ̀ tí ẹ máa wá a."

"Ẹ gé e."

"Tí a bá gé aṣọ, kì í hù padà o."

"Ẹ gé e, ẹ jọ̀ọ́."

Ó gé e. Aṣọ tẹ́ẹ́rẹ́ mẹ́rin ló já bọ́ sílẹ̀. Mi ò ṣà wọ́n.

Ní ọjọ́ Sunday tó tẹ̀lé e, mo wọ aṣọ yẹn wá kí yín. Kí ló dé tí mo fi wọ̀ ọ́ wá? Ẹ fi ọwọ́ di ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ mú, bí ẹ ṣe máa ń ṣe tí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá ó jókòó dáadáa. Mo rí ìka yín méjèèjì tó wá inú rẹ̀ lọ. Wọ́n dúró. Ẹ wo ojú mi. Lẹ́yìn náà ẹ yọ òwú kúrò léjìká mi, bẹ́ẹ̀ kò sí òwú kankan níbẹ̀. Ẹ bi mí bóyá mo ti jẹun. Mo ní mo ti jẹun. Mi ò tíì jẹun.

Ó tán. Láti ọjọ́ yẹn títí dé ọjọ́ tí àìsàn ọlọ́jọ́ mẹ́sàn-án yẹn mú yín lọ, a ò sọ ọ́. Bàbá, ṣé ẹ rò pé mò ń bínú sí yín ni? A kì í ra aṣọ ọmọ sílẹ̀ kó tó yọjú. Ẹ̀yin gan-an lẹ kọ́ mi. Ṣé ẹ rò pé mo gbà pé àyè tí ẹ fi sílẹ̀ ló pe ojú ayé sí oyún náà? Ṣé ìyẹn lẹ gbé sọ́kàn lọ? Ẹ̀ẹ̀melòó ni mo jókòó tì yín lórí bẹ́ǹṣì yẹn, tí ọ̀rọ̀ náà dé ẹnu mi, tí mo fi ń béèrè òwú funfun?

Láti Sandgrouse, mo lọ sí ilé ìwòsàn. Ọjọ́ aláboyún ni. A jókòó lórí bẹ́ǹṣì, kálukú pẹ̀lú ìgò ìtọ̀ rẹ̀ nínú ọ̀rá dúdú bí ẹni tó gbé àádùn. Wọ́n kọrin, wọ́n pàtẹ́wọ́, èmi náà pàtẹ́wọ́. Nọ́ọ̀sì àgbà, obìnrin títóbi kan tó so awò ojú rẹ̀ mọ́ ọrùn, pàṣẹ pé kí àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ lé ní oṣù mẹ́ta dìde. Àwa mẹ́fà la dìde.

"Ẹ̀yin tí ẹ ti ń bì bí ọkọ̀ tó jò, ó ti fẹ́ tán. Ebi ló kàn. Tí ẹ bá ń fọ eyín, ẹ lè rí ẹ̀jẹ̀ díẹ̀ níbi èrìgì, ẹ má pariwo, ẹ rọra máa fọ̀ ọ́. Ẹ̀gbẹ́ ikùn lè máa fà yín bí ẹni fa okùn, ilé ọmọ ló ń gbòòrò. Ìlà dúdú lè yọ láti ìdodo lọ sísàlẹ̀, kì í ṣe ìdọ̀tí, ẹ má fi kànìnkànìn bó o!"

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Obìnrin kan tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi nawọ́. "Nọ́ọ̀sì, tèmi ò tíì ta mí nípàá o."

"Ọ̀sẹ̀ mélòó?"

"Mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, mà."

"Ọmọ tí kò ju ọsàn wẹ́wẹ́ lọ! Bọ́ọ̀lù lo fẹ́ kó gbá fún ẹ ni? Jẹ́ kó jẹun ná. Oṣù tó ń bọ̀ tàbí èyí tó tẹ̀lé e, wàá máa bẹ̀ ẹ́ kó jẹ́ kí o sùn."

Mo fẹ́ bi í léèrè: tí èébì bá dúró, báwo lèèyàn ṣe máa mọ̀ bóyá dídúró ti dáadáa ni tàbí ti ìkejì? Mi ò lè bi í níwájú èrò. Nígbà tí ó kàn mí nínú yàrá, mo sọ ọ́.

"Èébì mi ti dúró, mà."

"Kí o wí pé àlùhàmúdùlílàhì."

"Bó ṣe dúró nígbà yẹn nìyẹn."

Ó gbé awò sójú, ó wo káàdì mi. Ó rí ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ nípa ti àkọ́kọ́. Ohùn rẹ̀ wálẹ̀. "Dùbúlẹ̀, ọmọ mi."

Ó fi nǹkan tútù kan pa mí nísàlẹ̀ ikùn, ó gbé ẹ̀rọ kékeré kan lé e. Ariwo rẹ̀ dà bíi rédíò tí kò tíì mú ibùdó. Ó gbé e sọ́tùn-ún. Mo gbọ́ ohun kan tó ń rọra lù. "Tìrẹ nìyẹn, kì í ṣe tọmọ," ló wí. Ó gbé e sísàlẹ̀. Kò sí nǹkan. Ó tẹ̀ ẹ́ díẹ̀. Kò sí nǹkan. Mò ń ka páálí àjà: mẹ́sàn-án, omi ti ba ẹyọ kan jẹ́ ní igun. Mo ti fi ọkàn gbà á. Mo ti ń ronú ibi tí màá gbà délé tí mi ò ní pàdé ẹni tó mọ̀ mí.

Ó wá dún. Bàbá, ó ń sáré bíi maṣíìnì yín tí ẹ bá wọ ojú ìlà gígùn, tí ẹ ò gbé ẹsẹ̀ kúrò, tí ẹ ń fi ọwọ́ òsì tọ́ aṣọ sọ́nà. Kò dúró, kò kọsẹ̀.

Mo dúró de ayọ̀. Kò wá. Mo kàn dùbúlẹ̀ síbẹ̀, mò ń gbọ́ ọ.

"O ò rẹ́rìn-ín? Àwọn ẹlòmíì máa ń pariwo débi pé mo máa ń ti ilẹ̀kùn."

"Ẹ ṣé, mà."

Ó nu ikùn mi fúnra rẹ̀. Ó ní tí mo bá rí ẹ̀jẹ̀, tàbí omi, tàbí inú rírun tí kò jẹ́ kí n nàró, kí n má dúró de ẹnikẹ́ni, kí n máa bọ̀ lójú ẹsẹ̀. Ó ní èébì tó dúró ní àkókò yìí, ti ọ̀pọ̀ obìnrin ló ń dúró, kì í ṣe òun ló pa ti àkọ́kọ́, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe kọ́tìnnì tí mo fọ̀. Mi ò rántí pé mo sọ ọ̀rọ̀ kọ́tìnnì fún un. Ó ní láti jẹ́ pé mo ti sọ ọ́. "Kí o jẹun, kí o sì sùn lọ́sàn-án yìí," ló sọ kẹ́yìn.

Mi ò lọ sílé tààrà. Ó ti di ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí Àǹtí Ṣìkírá ti ń ránṣẹ́ sí mi pé kí n wá kó ẹrù mi ní ṣọ́ọ̀bù, nítorí àwọn ẹbí fẹ́ fi yàrá náà fún ẹlòmíràn. Mo ti ń sá. Lónìí, ẹsẹ̀ mi gbé mi wọ Ìsàlẹ̀ Èkó. Ó ṣì jókòó síbi tó máa ń jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà, níbi tí ó ti fi ọwọ́ rán etí aṣọ fún yín láti ìgbà tí mo wà ní puráímárì.

"Ẹ wò ó o, àlejò Mẹ́kà! Lafiaji sí ibí yìí, ṣé bàálù lo wọ̀ ni?"

Mo kúnlẹ̀ kí i. Ó wò mí láti orí dé ẹsẹ̀, ó ṣí ẹnu, ó tún pa á dé. Ẹ kọ́ ọ dáadáa. Ó dìde, ó gbé ìwé ìwọ̀n yín fún mi, inú rẹ̀ ni mo ń kọ èyí sí, láti ẹ̀yìn wá, nítorí àwọn ojú ewé ẹ̀yìn ṣófo. Ó tún gbé ọ̀rá kan fún mi. Ẹ ti fi ṣọ́ọ̀kì kọ orúkọ mi sí ara rẹ̀. Gáùn áńkárá ni, aláwọ̀ ewé, tó ní òdòdó kéékèèké funfun.

"Ọ̀sẹ̀ tó ṣáájú àìsàn ẹ̀ ló rán an. Ó ní kí n má fọwọ́ kàn án. Bọ́tìnnì ló kù."

"Kò wọ̀n mí, Àǹtí."

"Ojú ló fi wọ̀n ẹ́. Ó fẹ́ fún ẹ lójijì ni."

Mo yí i síta. Mo gba téèpù lọ́rùn rẹ̀, mo wọ̀n ọ́n. Ínǹṣì méjì lọ́tùn-ún. Ínǹṣì méjì lósì. Mo tún un wọ̀n. Mo ka oṣù. Oṣù márùn-ún ni ẹ ti lọ. Ọmọ yìí kò tíì pé oṣù mẹ́rin. Kò sí ẹnì kankan nínú mi nígbà tí ẹ fi àyè yìí sílẹ̀.

Àǹtí Ṣìkírá ń wo ọwọ́ mi. "Èmi náà bi í. Mo ní, 'Bàbá Télọ̀, àyè yìí pọ̀, ṣé ó ti tún dé ni?' Ó ní rárá. Mo ní, 'Ẹ sì mọ ohun tó ṣe sí ti ìjọ́sí.' Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, 'Tó bá wù ú kó gé e, kó gé e. Aṣọ ẹ̀ ni. Èmi á ṣáà fi sílẹ̀.'"

"Ó rẹ́rìn-ín?"

"Ó rẹ́rìn-ín. Kí ni mo fẹ́ fi irọ́ gbà lọ́wọ́ ẹ?"

Bàbá, ẹ ti mọ̀. Ẹ ti mọ̀ pé mo gé e, ẹ ò sì gbé nǹkan kan sọ́kàn lọ.

Mo jókòó lórí bẹ́ǹṣì wa. Ó rán bọ́tìnnì márààrún mọ́ ọn níwájú mi, ó fi eyín já òwú. Nígbà tí mo ń bọ̀, mo yà ní Sandgrouse, mo ra ẹja gbígbẹ méjì lọ́wọ́ ìyá àárọ̀. "Àṣé ẹ máa rà á!" ló wí, ó sì fi kékeré kan lé e. Mo kọ ọ̀rọ̀ sí Wàsíù lórí fóònù pé mo ti gbọ́ ọkàn rẹ̀, ó ń lù dáadáa. Ó pè mí lójú ẹsẹ̀. Mò ń gbọ́ ariwo àdúgbò lẹ́yìn rẹ̀ àti bó ṣe ń mí. Lẹ́yìn náà ó ní, "Kí ni ọmọ fẹ́ jẹ?" Ó ní ọmọ. Mo ní ẹ̀bà.

Mo jẹ ẹ́. Mo wọ gáùn náà. Mi ò ní tú nǹkan kan nínú rẹ̀ ná, ó ṣì gbà mí. Mo kàn ti ìka bọ ibẹ̀, ní apá ọ̀tún, mo fi í síbẹ̀. Àyà mi ṣì kú bí ẹsẹ̀ tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan, àmọ́ ó ti ń ta mí wínníwínní níbì kan. Bí ẹsẹ̀ ṣe máa ń ṣe nìyẹn kó tó padà di ti ẹni. Mo kọ nọ́ńbà ìbàdí mi ti òní sí abẹ́ èyí tí ẹ kọ kẹ́yìn. Ìkọ̀wé mi ò dára tó tiyín.

Kí Ọlọ́hun kẹ́ yín, kí Ó tẹ́ ibi tí ẹ wà fẹ̀ bí ẹ ṣe máa ń tẹ́ aṣọ fẹ̀ kí ẹ tó gé e. Tí ọmọ yìí bá dé, èmi ni màá kọ́kọ́ wọ̀n ọ́n, màá kọ ọ́ sínú ìwé yìí, màá sì wọ̀n ọ́n lẹ́ẹ̀mejì.

Èmi ni,
ọmọ yín tí téèpù yín mọ̀ láti kékeré.

Mo ti gbé ìwé lé orí ìrọ̀rí, ìdùbúlẹ̀ ni mo fi kọ ìlà yìí: aago mẹ́rin ku ogún ìṣẹ́jú, ọ̀sán.